Aláàárù àti Ìyá Àáké

Ọjọ́ tí aránṣọ inú ìtàn yìí kọ́kọ́ rí ọkùnrin náà, dígà ló fi ń gé igi.

Inú géèmù orí kọ̀ǹpútà ni o, kì í ṣe inú igbó gidi. Ilẹ̀ ṣẹ̀ṣẹ̀ ń mọ́ níbẹ̀, ìkùukùu ṣì wà lójú òkun, àwọn dáínásọ̀ ọlọ́rùn gígùn, ẹranko ńlá ayé àtijọ́, sì ń mu omi létí odò, díẹ̀díẹ̀, bí ẹni tí kò ní ibi tó ń lọ. Ọkùnrin náà dúró nídìí igi kan, ó ń fi dígà gbá a gbì, gbì, gbì. Ewé ìbolé ń wọ àpò rẹ̀ wìtìwìtì, àmọ́ igi gan-an, ìyẹn igi tí èèyàn lè fi kọ́lé, kò tó nǹkan.

Aránṣọ dúró lókèèrè, ó ń wò ó. Kì í ṣe ẹni tó máa ń dá sí ọ̀rọ̀ àlejò, ṣùgbọ́n bí ohun kan bá wà tí kò lè fara dà láyé yìí, ìfiṣòfò ni. Lẹ́nu iṣẹ́ rẹ̀, kì í fi àlùmọ́gàjí kan aṣọ àfi tó bá tẹ́ ẹ sílẹ̀, tó yí i síwá sẹ́yìn, tó sì mọ ibi tí gbogbo ẹ̀yà rẹ̀ máa jókòó sí. Àjákù tó ń kù nílẹ̀ ṣọ́ọ̀bù rẹ̀ kò tó èyí tí ológbò lè fi ṣeré. Ó ní sùúrù fún ohun púpọ̀, kò ní fún irú ohun tó ń wò yìí. Ó bá kọ ọ̀rọ̀ ránṣẹ́ sí i.

"Ẹ̀gbọ́n, ẹ kú iṣẹ́ o. Àáké ni wọ́n fi ń gé igi."

Ọkùnrin náà dúró. "Ẹ ṣeun o. Ṣé dígà ò gé igi ni?"

"Ó ń gé e. Ewé ló máa fún yín ju igi lọ. Tẹ́ ẹ bá fẹ́ ewé tẹ́ ẹ máa fi bolé, dígà. Tẹ́ ẹ bá fẹ́ igi, àáké."

"Òkúta ńkọ́?"

"Àáké náà ni. Tẹ́ ẹ bá fi dígà fọ́ òkúta, èyí tí wọ́n fi ń ṣáná lẹ máa rí jù. Ẹnìkan ò sì lè fi ìṣáná mọ ògiri."

Ọkùnrin náà rẹ́rìn-ín, ó kọ "hàháà" gbọọrọ. Ó wá fẹ́ gbẹ́sẹ̀, ẹsẹ̀ ò gbé. Ẹrù tó kó sẹ́yìn ti pọ̀ ju agbára rẹ̀ lọ, bẹ́ẹ̀ ni géèmù náà ṣe rí: ẹni tó bá gbé ju ara rẹ̀ lọ, ilẹ̀ á dì í mú. Ibi tó dúró sí bí òpó yìí ni ẹran kan ti yọ látinú igbó. Ẹran náà kéré, àmọ́ ẹnu rẹ̀ ò kéré.

"Ẹ ju ẹrù yẹn sílẹ̀!" ni aránṣọ kọ.

"Gbogbo ẹ̀?"

"Gbogbo ẹ̀!"

"Ṣé kí n kúkú mú díẹ̀ nínú—"

Ẹran jẹ ẹ́. Nígbà tó yá, géèmù jí i padà, ó tún yọ létí òkun, pátá nìkan ló wà nídìí rẹ̀, gbogbo ewé tó kó ti lọ.

"Ìyá Àáké," ló kọ, "ẹ jọ̀ọ́, ẹ tún gbogbo ẹ̀ sọ fún mi láti ìbẹ̀rẹ̀."

Bí obìnrin náà ṣe di Ìyá Àáké nìyẹn. Òun náà pe ọkùnrin náà ní Aláàárù, nítorí kò tíì rí ẹni tó fẹ́ràn ẹrù tó bẹ́ẹ̀. Orúkọ tí òbí sọ wọ́n wà níbẹ̀, ṣùgbọ́n méjèèjì yìí ló wọ̀ wọ́n lára jù.

Yàrá ẹ̀yìn ṣọ́ọ̀bù ni aránṣọ ti ń ṣeré náà. Òun àti ẹ̀gbọ́n rẹ̀ obìnrin ló jọ ń rán aṣọ fèrèsé, kọ̀ǹpútà tí wọ́n fi ń fi bátànì han oníbàárà ló sì fi ń lọ sí ayé dáínásọ̀ nígbà tí iṣẹ́ bá tán, tí oòrùn ìrọ̀lẹ́ bá ń gba àárín aṣọ tí wọ́n fi kọ́ kọjá, tí gbogbo yàrá á wá pọ́n bí ìgbà tí èèyàn bá di ojú rẹ̀ sí oòrùn. Ó fẹ́ràn wákàtí yẹn. Lẹ́yìn tó pàdé Aláàárù, ó wá fẹ́ràn rẹ̀ ju bó ṣe yẹ lọ.

Wọ́n yan ibì kan létí òkun, níbi tí odò ti ń wọ òkun, tí òkè ńlá kan sì wà lẹ́yìn wọn.

"Kí ló dé tó jẹ́ ibí?" ni Aláàárù bi í.

"Igi wà lápá ọ̀tún, òkúta wà lápá òsì, irin wà lórí òkè. Ẹni tó bá kọ́lé síbi tó lẹ́wà tí kò sí igi, ìrìn ló máa fi ayé rẹ̀ rìn. Ohun mìíràn tún nìyí: ilé inú géèmù yìí, tí ẹni tó kọ́ ọ kò bá yọjú sí i, díẹ̀díẹ̀ ló ń bàjẹ́, títí ẹni tó ń kọjá lọ yóò fi lè wó o dànù."

"Ṣé a máa ń tún un ṣe ni?"

"Rárá o. Ká ṣáà dé ibẹ̀. Tẹ́ ẹ bá dúró nítòsí ẹ̀ díẹ̀, ilé á mọ̀ pé òun ní ẹni."

Aláàárù yíjú sí ilẹ̀ tí wọ́n fẹ́ kọ́lé sí. Ó ní, "Ilé yẹn gbọ́n ju àwọn èèyàn kan lọ."

Aránṣọ kọ́ ọ ní gbogbo ohun tó mọ̀. Ó ní kó kọ́kọ́ mọ irú ògiri tó fẹ́, kó tó fọwọ́ kan igi. Ó ní kó má gbé irin tútù sọ̀kalẹ̀ látorí òkè, nítorí ó wúwo. Kí wọ́n kọ́ iná ìyọ́rin sórí òkè níbẹ̀, kó jẹ́ irin tó ti yọ́ nìkan ni wọ́n á máa gbé wálé. Ó sì fi ẹran kan hàn án, ẹran tí ẹ̀yìn rẹ̀ le bí àpáta, tí kùmọ̀ wà nídìí ìrù rẹ̀. Wọ́n sọ ọ́ ní Oníkùmọ̀. Bó bá fi ìrù nà òkúta irin lẹ́ẹ̀kan, ohun tó máa já sílẹ̀ ju ohun tí èèyàn máa fi dígà wá láti òwúrọ̀ lọ.

Ṣùgbọ́n ẹran tí èèyàn bá fẹ́ sọ di tirẹ̀ níbẹ̀, wọ́n ní láti kọ́kọ́ kùn ún lóorun, kí wọ́n wá máa fi èso bọ́ ọ títí yóò fi jí, tí yóò sì mọ ẹni tó dúró tì í. Kò ṣe é kánjú. Àwọn méjèèjì jókòó, ọ̀kan lápá ìhín Oníkùmọ̀, èkejì lápá ọ̀hún, òkun ń hó nísàlẹ̀, ẹyẹ ńlá kan ń yí lórí wọn láìmi apá. Nígbà yẹn, wọ́n ti ń gba inú kọ̀ǹpútà bára wọn sọ̀rọ̀ lẹ́nu. Ohùn ọkùnrin náà lọ́ wọ́ọ́rọ́wọ́, ó ń sinmi láàárín ọ̀rọ̀ kan sí èkejì.

"Ìyá Àáké, kí lẹ ń ṣe tẹ́ ẹ bá kúrò níbí?"

"Aṣọ fèrèsé ni mò ń rán. Ẹ̀yin ńkọ́?"

"Eyín ni mò ń ṣe."

"Ẹ ń yọ eyín?"

"Ká má rí i! Dókítà ló ń yọ ọ́. Èmi ni mò ń ṣe èyí tí wọ́n máa fi rọ́pò. Ẹni tí ò bá lè rẹ́rìn-ín mọ́, tó ń fi ọwọ́ bo ẹnu, èmi ni mò ń wá ẹ̀rín ẹ̀ padà fún un."

Ọ̀rọ̀ náà wọ aránṣọ lára ṣinṣin. Ọkùnrin náà ṣàlàyé yàrá iṣẹ́ rẹ̀ fún un: pẹpẹ títí kan àjà, ère ẹnu àwọn èèyàn tí wọ́n fi ẹfun mọ ló kún orí wọn, olówó ń bẹ, aláìní ń bẹ, gbogbo wọn la ẹnu sí i.

"Wọ́n ń rẹ́rìn-ín sí mi látàárọ̀ ṣúlẹ̀," ló ní. "Kò sí èyí tó ń bá mi sọ̀rọ̀."

"Èmi á máa bá yín sọ̀rọ̀," ni aránṣọ fèsì, ara rẹ̀ sì gbóná wìì bó ṣe sọ ọ́ tán. Oníkùmọ̀ jí lásìkò yẹn gẹ́lẹ́, inú wọn méjèèjì dùn pé ó jí.

Báyìí ni ilé náà ń ga. Ìpìlẹ̀ òkúta, òpó igi, fèrèsé tó kọjú sí òkun. "Ẹ" di "o" láàárín wọn, kò sẹ́ni tó mọ ọjọ́ tó yí padà. Ìwà kan péré ni aránṣọ kò rí mú kúrò lára Aláàárù: ó ṣì ń kó jù. Bí wọ́n bá fẹ́ igi ilẹ̀kùn, á gé igi àgbàlá. Bí wọ́n bá fẹ́ òkúta àtẹ̀gùn, á kó àpáta wálé.

"Aláàárù," ni aránṣọ pariwo lọ́jọ́ kan, "òrùlé nìkan ló kù! Kí lo fẹ́ fi gbogbo igi yìí ṣe? Ṣé o ò gbọ́ ohun tí mò ń kọ́ ẹ ni?"

"Mo gbọ́. Mo mọ iye igi tí òrùlé ń gbà. Mo ti mọ̀ ọ́n tipẹ́."

"Kí wá ló dé?"

Aláàárù gbé àáké sílẹ̀. "Bí igi bá ti tó, ilé á parí. Bí ilé bá parí, wàá ní ó dàárọ̀. Èmi ò fẹ́ kó o máa sọ pé ó dàárọ̀ fún mi. Mo nífẹ̀ẹ́ rẹ, Ìyá Àáké. Ìdí tí mo fi ń gé igi nìyẹn."

Ẹ̀rọ ìránṣọ tó ń dún ní yàrá iwájú dákẹ́ wẹ́lo. Ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ti ń gbọ́ gbogbo ẹ̀, ara rẹ̀ látòkè délẹ̀ ti di etí.

"Dá ọmọ olọ́mọ lóhùn jàre!" ni ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ké láti iwájú. "Ṣé òkúta lo gbé mì ni?"

Aránṣọ bú sẹ́rìn-ín, omi sì lé sí i lójú. "Aláàárù mi," ló ní, "ó dàárọ̀ kì í ṣe ó dìgbóṣe."

Wọ́n pàdé lójúkojú ní ibùdókọ̀ ojú irin, nítorí ìlú méjì ló wà láàárín ìlú tí Aláàárù ti ń ṣiṣẹ́ àti ti aránṣọ. Ẹ̀rù ń ba aránṣọ pé ọkùnrin tó mọ̀ létí òkun lè máà sí ní ojú ayé. Ó rí i lókèèrè: ó gbé báàgì tirẹ̀, ó bá ìyá arúgbó kan gbé àpótí, ó tún há agbòjò ẹlòmíràn sí abíyá, ẹsẹ̀ rẹ̀ ò fẹ́ gbé mọ́. Ẹ̀rín pa aránṣọ débi pé ó fara ti ògiri. Òun náà nìyẹn. Kò sí iyèméjì kankan nínú ọkàn rẹ̀ mọ́ láti ọjọ́ náà.

Ó wá ku kí Bàbá fọwọ́ sí ìgbéyàwó.

Bíríkìlà ni bàbá aránṣọ kí orúnkún tó dá wọn jókòó. Ilé tí wọ́n ń gbé, ọwọ́ ara wọn ni wọ́n fi kọ́ ọ, òun àti ìyá àwọn ọmọ, ẹni tó ti dolóògbé báyìí. Láti ìgbà tí ìyá ti lọ, Bàbá ti rù, ẹ̀rẹ̀kẹ́ wọn ti jìn, eyín àtọwọ́dá tó wà lẹ́nu wọn sì ń kọrin tiẹ̀ lọ́tọ̀ bí wọ́n bá ń sọ̀rọ̀: kẹ́, kẹ́, kẹ́.

"Níbo lẹ ti pàdé?" ni Bàbá bi Aláàárù nígbà tó jókòó síwájú wọn.

"Nínú géèmù, Bàbá. Ilé kan la jọ ń kọ́ níbẹ̀."

"Ilé. Irú sìmẹ́ǹtì wo lẹ ń lò?"

Aláàárù kì í parọ́. "Èèpo kòkòrò ńlá la máa ń lọ̀ pọ̀ mọ́ òkúta, Bàbá."

Bàbá wò ó bí ẹni tó ń wo ògiri tó fẹ́ yẹ̀. Ẹ̀gbọ́n dìde, ó ní òun ń lọ wo nǹkan níta, ẹ̀rín ló fẹ́ lọ rín. Síbẹ̀, ọ̀rọ̀ yẹn ì bá ṣì tán síbẹ̀. Ohun tó ba nǹkan jẹ́ ni pé Aláàárù kò wo ojú Bàbá. Ẹnu wọn ló ń wò. Kò mọ̀ pé òun ń ṣe é. Iṣẹ́ ọwọ́ ẹni kì í jẹ́ kí ojú ẹni gbé jẹ́ẹ́. Gbogbo ìgbà tí eyín náà bá dún kẹ́, ojú rẹ̀ á fún pọ̀. Aránṣọ ń wò ó, ó ń fi ojú bẹ̀ ẹ́, kò rí i. Ẹnu àìmẹ́nu, ètè àìmétè, ní í mú ọ̀ràn bá ẹ̀rẹ̀kẹ́.

"Bàbá, ẹ má bínú o," ni Aláàárù ní, tìfẹ́tìfẹ́ ló sì fi sọ ọ́, "eyín ìsàlẹ̀ yẹn ti tóbi jù fún yín. Á máa bó ẹran ẹnu yín. Ó ti tó kí wọ́n jù ú nù, kí wọ́n ṣe òmíràn."

Bàbá pa ẹnu dé.

"Ìyá àwọn ọmọ mi ló bá mi yan eyín yìí," ni wọ́n ní nígbà tó yá. "Ó jókòó tì mí, ó ní kí n máa rẹ́rìn-ín, kí n máa rẹ́rìn-ín, títí ó fi rí èyí tó bá mi mu. Ìwọ dé lónìí, o ní kí n jù ú nù."

Aláàárù bẹ̀ wọ́n títí. Aránṣọ bẹ̀ wọ́n. Bàbá ò bínú kíkan, ìyẹn gan-an ló burú. Wọ́n kàn sọ̀rọ̀ jẹ́ẹ́jẹ́ẹ́, bí ẹni tó rẹ̀.

"N kò ní bẹ́ẹ̀ kọ́, n kò sì ní bẹ́ẹ̀ ni. Ẹ jẹ́ kí n rò ó. Ṣùgbọ́n títí n ó fi ránṣẹ́ sí ọ, ẹ̀yin méjèèjì kò gbọdọ̀ bára yín sọ̀rọ̀. Kì í ṣe lẹ́nu, kì í ṣe ní kíkọ. Bí ohun tẹ́ ẹ ní bá ní ìpìlẹ̀, á dúró dè yín."

"A gbọ́, Bàbá," ni àwọn méjèèjì wí. Bí wọ́n ṣe pínyà lẹ́nu ọ̀nà nìyẹn, láìsọ ọ̀rọ̀ kankan, nítorí àdéhùn ti bẹ̀rẹ̀.

Àárò jẹ́ ohun tí mo lè fẹnu sọ títí, kò ní tó. Aránṣọ ń gé aṣọ, àmọ́ ó ń gé e bí ẹni tó ń gba inú oorun rìn. Òjò dé. Òjò ń rọ̀ sórí páànù ṣọ́ọ̀bù, ó sì ń ronú ilé etí òkun. Òun nìkan kọ́ ló ni ín, àwọn méjèèjì ni, bí àwọn méjèèjì kò bá sì yọjú, á bàjẹ́. Bó bá wó, kí ni yóò kù tí wọ́n jọ ṣe? Ó rò ó pé dídúró nítòsí ilé kì í ṣe ọ̀rọ̀ sísọ. Lọ́sàn-án ọjọ́ kan, nígbà tí oníbàárà kò sí, ó wọ inú géèmù lọ.

Oòrùn ń wọ̀ níbẹ̀. Òkun pọ́n roro, àwọn ọlọ́rùn gígùn ń kọjá nínú omi, òjìji wọn gùn dé ẹnu ọ̀nà. Ilé náà dúró ṣinṣin, kò tilẹ̀ ní àmì ìbàjẹ́ kankan. Ẹnìkan ti ń wá.

Níbi tí yàrá kejì máa wà, èyí tí wọn kò tíì bẹ̀rẹ̀, wọ́n to òkúta àti igi jọ. Aránṣọ wo ìwọ̀n rẹ̀. Ó tún un wò. Kò lé, kò dín. Ohun tí apá kan ògiri máa gbà gẹ́lẹ́ ni. Aláàárù, ẹni tí ń kó jù, ló kó ìwọ̀n.

Ó mọ apá ògiri náà, ó sì lọ. Nígbà tó padà wá, ìwọ̀n mìíràn ti wà níbẹ̀. Ó tún mọ ọ́n. Wọn kò pàdé rárá, wọn kò sì kọ ọ̀rọ̀ kan sílẹ̀. Ọ̀kan ń kó, èkejì ń mọ, ògiri ń ga nínú òjò. Ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ṣàkíyèsí pé ó ti ń kọrin nídìí ẹ̀rọ, ó wò ó, kò bi í ní nǹkan kan, ohun tí kò ṣe rí láyé rẹ̀.

Ìgbà tó yá, ìwọ̀n tuntun kò dé mọ́. Èyí tó kó wá kẹ́yìn ṣì wà níbẹ̀, aránṣọ ò fọwọ́ kàn án. Ó wá lọ́jọ́ kejì, kò sí nǹkan. Ó tún wá, kò sí. Ọ̀sẹ̀ ń gorí ọ̀sẹ̀. Ọ̀rọ̀ mi ti sú u, ni ó ń sọ fún ara rẹ̀. Ẹni ẹlẹ́ni ti lọ wá ilé tó ní bàbá tó rọrùn. Àyà rẹ̀ já bí ẹni tó tẹ àtẹ̀gùn tí kò sí.

Lọ́jọ́ kan, ó mú àáké, ó wọ igbó, ó bẹ̀rẹ̀ sí í gé igi. Kò ronú ìwọ̀n. Kò ronú ògiri. Ó gé, ó kó, ó dà á sílẹ̀ níwájú ilé, ó tún lọ. Òkúta, irin, ewé, gbogbo ohun tí ọwọ́ rẹ̀ bá ṣáà ti bà. Ó mọ̀ pé bí òun bá dáwọ́ dúró, òun máa ní láti jáde, bí òun bá sì jáde, á di ó dìgbóṣe. Omijé ń ṣàn lójú rẹ̀, àáké ń dún. Ìgbà náà ló tó yé e ìdí tí èèyàn fi lè kó jù.

Kò mọ̀ pé Bàbá ti wọlé. Ojúlé ṣọ́ọ̀bù ni wọ́n máa ń yà sí bí orúnkún bá gbà wọ́n láyè. Wọ́n ti dúró lẹ́yìn rẹ̀, ọwọ́ wọn lórí ẹ̀yìn àga, wọ́n ń wo ojú kọ̀ǹpútà.

"Ilé yẹn náà rèé?"

Aránṣọ nu ojú wéréwéré. "Òun ni, Bàbá. Mi ò bá a sọ̀rọ̀ o. Mo fi ìyá mi búra."

"Mo gbọ́." Wọ́n na ìka sí ojú kọ̀ǹpútà. "Ta ló da ẹrù sílẹ̀ káàkiri báyìí bí ilé tó wó?"

"Èmi ni."

"Èyí tí wọ́n tò sẹ́bàá ògiri yìí ńkọ́?"

"Òun ni. Mo ń mọ ọ́n, á kó òmíràn wá. Kò wá mọ́."

Bàbá fa àga, wọ́n jókòó wọ̀ọ̀. Wọ́n wo ìtòjọ òkúta náà pẹ́, pẹ́ títí, bí ìgbà tí wọ́n ṣì ń wo iṣẹ́ kí wọ́n tó gbà á lọ́wọ́ òṣìṣẹ́.

"Ìyá yín ló máa ń gbé búlọ́ọ̀kù fún mi," ni wọ́n ní. "Mo ní àwọn lébìrà, àmọ́ bó bá ti kan ilé tiwa, kò gbà fún ẹnikẹ́ni. Kò gbé jù rí, kì í sì jẹ́ kí n dúró. Mi ò ní tíì béèrè, màá ti rí i lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi. A lè wà bẹ́ẹ̀ láti àárọ̀ láìsọ̀rọ̀." Eyín wọn dún kẹ́. "Kí ló dé tí o ò tíì mọ èyí?"

"Bí mo bá mọ ọ́n tán, Bàbá, kò ní sí nǹkan tó kù láti ọwọ́ ẹ̀ mọ́."

Ọwọ́ Bàbá lọ sí ẹ̀rẹ̀kẹ́, ó sì dúró síbẹ̀. Lórí kọ̀ǹpútà, oòrùn wọ̀ sínú òkun, ẹyẹ ńlá nì ń yí, ń yí.

"Pè é," ni wọ́n ní. "Ní kó wá. Ojú lọ̀rọ̀ wà."

Aláàárù dé pẹ̀lú ọkọ̀ ojú irin àkọ́kọ́ tó rí. Kò gbé ẹrù kankan, àpótí iṣẹ́ rẹ̀ nìkan, nítorí ibi iṣẹ́ ló ti sáré wá. Ó rù. Kó tó jókòó pàápàá ló ti bẹ̀rẹ̀ sí í sọ̀rọ̀.

"Bàbá, kẹ́ ẹ tó sọ ohunkóhun, mo ti ṣẹ̀ yín. Ẹ ní ká má sọ̀rọ̀. Mo ń lọ síbẹ̀, mo ń to òkúta sílẹ̀ fún un. Nígbà tó yá ni mo mọ̀ pé ọ̀rọ̀ ni mò ń sọ. Kò sí ohun tí mo fẹ́ sọ tí òkúta yẹn ò ti bá mi sọ tán. Ìdí tí mo fi dáwọ́ dúró nìyẹn. Ẹ má jẹ ẹ́ níyà, èmi ni."

Aránṣọ dúró lẹ́nu ilẹ̀kùn, ó gbọ́ gbogbo ẹ̀. Àṣé kò sú u. Kò sú u rárá.

"Mo rí òkúta ọ̀hún," ni Bàbá ní. "Mo gbọ́ ohun tó sọ."

Wọ́n yí orí sápá kan, wọ́n fi ọwọ́ sẹ́nu. Nígbà tí wọ́n yí padà, ẹ̀rẹ̀kẹ́ wọn ti wọlé pátápátá, eyín náà sì wà ní àtẹ́lẹwọ́ wọn. Láti ìgbà tí ìyá ti lọ, kò sí ọmọ kankan tó rí wọn bẹ́ẹ̀ rí. Wọ́n nà án sí Aláàárù.

"Má jù ú nù o," ni wọ́n wí, ọ̀rọ̀ náà ń rọ̀ lẹ́nu wọn bí ti ọmọdé. "Tún un ṣe ni. Jẹ́ kó bá mi lẹ́nu mu. Àmọ́ ẹ̀rín yẹn, òun náà ni kó jẹ́."

Aláàárù fi ọwọ́ méjèèjì gbà á. "Inú rẹ̀ nìkan ni màá fi nǹkan kún, Bàbá, níbi tó ti fi yín sílẹ̀. Eyín tí Màmá yàn, mi ò ní fọwọ́ kan ọ̀kan."

Ọjọ́ ìgbéyàwó, Bàbá rẹ́rìn-ín títí àwọn tó mọ ìyá nígbà ayé rẹ̀ fi ń wẹ̀yìn wò bóyá ó ti wọlé. Eyín ò dún kẹ́ lẹ́ẹ̀kan.

Ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ kan lẹ́yìn ìyẹn, tọkọtaya jókòó ti ara wọn ní yàrá ẹ̀yìn, oòrùn ń gba inú aṣọ fèrèsé wọlé. Bàbá wà lórí àga lẹ́yìn wọn, wọ́n ń wo òkun.

"Ilé tiyín yìí," ni wọ́n ní, "ṣé ó ní yàrá fún àgbàlagbà?"

"A ò tíì kọ́ ọ, Bàbá," ni ọmọ wọn fèsì. "A máa bẹ̀rẹ̀ ẹ̀ báyìí."

Aláàárù mú àáké, ó yíjú sí ìyàwó rẹ̀. "Ìyá Àáké, báwo ni igi tí màá gé ṣe máa pọ̀ tó?"

Aránṣọ wo ìkùukùu tó ń sùn lórí omi, ó wo àwọn ọlọ́rùn gígùn tó ń mu omi láìkánjú. Ó gbé orí lé èjìká ọkọ rẹ̀.

"Kó jù, Aláàárù mi," ló ní. "Ilẹ̀ ò tíì ṣú."